Orúkọ Mẹ́rìnlá Lójú Tẹlifíṣọ̀n

Ní nǹkan bí ọdún 1986, nínú ilé wa ní Ìjẹ̀bú-Òde, mo ṣe iṣẹ́ kan tí ẹnikẹ́ni kò rán mi. Mo kó gbogbo géèmù tó wà nílé sínú pẹlẹbẹ dúdú kan ṣoṣo tí a ń pè ní dísìkì, mo sì ṣe ojú ewé kan fún wọn. Bí a bá ti tan ẹ̀rọ báyìí, orúkọ wọn á tò sójú tẹlifíṣọ̀n, láti orí ọ̀kan dé orí mẹ́rìnlá. Èèyàn á tẹ nọ́ńbà, géèmù á bẹ̀rẹ̀. Lónìí, ọmọ ọdún márùn-ún á fi mí rẹ́rìn-ín bí mo bá pe ìyẹn ní iṣẹ́. Ọ̀sẹ̀ mẹ́ta ló gbà mí.

Iṣẹ́ wíwọn ilẹ̀ ni bàbá mi ń ṣe fún ìjọba. Wọ́n rán an lọ sí Ìlú Òyìnbó fún ẹ̀kọ́ oṣù mẹ́sàn-án, ó sì gbé kọ̀ǹpútà kékeré kan bọ̀, irú èyí tí a máa ń so mọ́ ẹ̀yìn tẹlifíṣọ̀n. Ó ní òun yóò máa fi ṣe ìṣirò ilẹ̀. Bóyá ló fi ṣe ìṣirò ju ọ̀sẹ̀ kan lọ. Lẹ́yìn ìyẹn ló ti kásẹ́ẹ̀tì géèmù bọ̀ ọ́, ọ̀rọ̀ ilẹ̀ sì parí.

Ìyàwó méjì ló ní. Ìyá mi ni ìyálé, èmi ọmọbìnrin nìkan ló sì bí. Ìyàwó kejì, tí mo ń pè ní Màmá Kékeré, bí mẹ́rin. Àkọ́bí rẹ̀ ni àbúrò mi ọkùnrin tí mo fẹ́ sọ̀rọ̀ rẹ̀. Mo fi ọdún mẹ́ta jù ú lọ. Ọbàkan ni wá, inú ilé kan náà la sì ń gbé. Àwọn ìyá wa ń kí ara wọn láàárọ̀, ó tán síbẹ̀. Bàbá mi bẹ̀rù ẹjọ́ ju bó ṣe bẹ̀rù àìsàn lọ, nítorí náà bó bá ra géèmù kan fún èmi, á ra òmíràn fún ìdí kejì, ti Màmá Kékeré. Tèmi wà nínú agolo bisikíìtì, tiwọn wà nínú agolo mílíìkì. Bẹ́ẹ̀, ẹ̀rọ kan ṣoṣo náà ló wà, nínú pálọ̀ rẹ̀.

Ibi mẹ́ta ni àwọn géèmù yìí ti wá, ibi kọ̀ọ̀kan ló sì ní ìwà tirẹ̀. Àwọn tó ti Ìlú Òyìnbó wá wà nínú kásẹ́ẹ̀tì. Wàá tẹ̀ ẹ́, wàá gbọ́ ariwo bí ìgbà tí wọ́n da ata sínú epo gbígbóná, wàá sì dúró fún ìṣẹ́jú mẹ́jọ. Bí ẹnì kan bá kọlu tábìlì ní ìṣẹ́jú keje, ó di dandan kó o tún bẹ̀rẹ̀. Àwọn tí bàbá mi rà ní ṣọ́ọ̀bù kan l'Ékòó wà nínú dísìkì, àmọ́ o gbọ́dọ̀ tẹ ìlà ọ̀rọ̀ gígùn kan láìṣì í kí wọ́n tó dá ọ lóhùn. Èyí tó burú jù ni ti ọkùnrin kan n'Íbàdàn tó ń da géèmù kọ fún èèyàn. Tirẹ̀ kì í jẹ́ kó o wọlé tààrà. Á kọ́kọ́ gbé orúkọ rẹ̀ síta, á gbé àdírẹ́sì ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ síta, á dúpẹ́ pé o ra ọjà lọ́wọ́ òun, á tún kí ọ kú ọdún, ìbáà jẹ́ oṣù kẹfà la wà. Mo kórìíra ọkùnrin yẹn láìrí i rí.

Wàhálà yìí ló sú mi. Mo ti jáde ilé ẹ̀kọ́ girama, mo ń dúró de èsì ìdánwò àtiwọ yunifásítì, n kò sì níṣẹ́ gidi kan lọ́wọ́. Mo ka ìwé tó bá ẹ̀rọ náà wá láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin. Mo da gbogbo géèmù kọ sínú dísìkì kan, mo bó ìkíni ará Ìbàdàn dànù, mo wá kọ ìlà ọ̀rọ̀ tí yóò máa pe ẹyọ kọ̀ọ̀kan wọn jáde. Àbúrò mi jókòó tì mí, ó ń ka inú ìwé sí mi létí, ó sì ń ṣì í kà. Orúkọ wọn gùn jù lédè òyìnbó, a bá sọ wọ́n lórúkọ tiwa: Atukọ̀, Ejò, Kòtò, Olè Inú Ihò. Lẹ́tà tó bẹ̀rẹ̀ orúkọ kọ̀ọ̀kan ni mo fi tò wọ́n. N kò ya ti agolo bisikíìtì sọ́tọ̀ kúrò lára ti agolo mílíìkì.

Nígbà tó parí, a pe bàbá mi. Ó jókòó, ó fi ìka kan tẹ mẹ́rin. Ejò jáde.

Ó ní, "O ò pín wọn."

Mo ní, "N kò pín wọn, sà."

Ó ní kí n sún sẹ́yìn kí òun lè na ẹsẹ̀. Láti ọjọ́ náà, bó bá ti ibi iṣẹ́ dé, á jẹun, á fọ ọwọ́, á wá tẹ mẹ́rin. Àwa méjèèjì á jókòó sílẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ àga rẹ̀ títí ipò yóò fi kàn wá. Ìgbà míì, wọ́n á mú iná lọ kí ó tó kàn wá, a ó sì jókòó síbẹ̀ náà.

Lọ́dún tó tẹ̀ lé e, ní àárọ̀ ọjọ́ Ìṣẹ́gun kan, bàbá mi ṣubú sórí ilẹ̀ tó ń wọ̀n ní Ìjagun. Kí wọ́n tó gbé e dé ilé ìwòsàn, ó ti kú. Èmi ni wọ́n kọ́kọ́ sọ fún, nítorí èmi nìkan ni wọ́n bá nílé. Mo ní, "Ó dáa." Ọkùnrin tó wá jíṣẹ́ náà wò mí lójú. Mo wọlé, mo gbé ìkòkò kúrò lórí sítóòfù, mo pa iná.

Wọ́n máa ń sọ pé bí a bá ń sunkún, a máa ń ríran. Èmi ń ríran ṣáá ni, ẹkún ni kò wá. Mo rí i pé bàtà ẹnì kan lára àwọn tó gbé pósí ti já lẹ́yìn. Mo rí i pé ìrẹsì ọjọ́ náà kò jinná tó, mo sì jẹ ẹ́ tán. Àbúrò mi sunkún títí ohùn rẹ̀ fi há, mo ń wò ó bí ẹni ń wo òjò láti ojú fèrèsé. Àwọn obìnrin ṣọ́ọ̀ṣì ní ọkàn mi le. Kò le o. Kò sí ohunkóhun nínú rẹ̀ ni.

Lẹ́yìn ogójì ọjọ́, àwọn àgbà ẹbí ti Ìmùṣin, ìlú bàbá mi, wá láti pín ogún. Ẹ̀gbọ́n bàbá mi ni olórí ẹbí. Ọ̀nà méjì la máa ń gbà pín ogún. Bó bá jẹ́ orí-ò-jorí, ọmọ kọ̀ọ̀kan á gba ìpín tirẹ̀. Bó bá jẹ́ ìdí-igi, ìyàwó ni wọ́n á kà, iye ọmọ yòówù kó bí. Màmá Kékeré fẹ́ orí-ò-jorí, ta ni kò ní fẹ́ ẹ tó bá bí mẹ́rin? Àwọn àgbà ní ìdí-igi ni ti ìdílé àwọn. Bí èmi nìkan ṣe gba ìdajì nìyẹn, tí àwọn mẹ́rin gba ìdajì. Mo rí ojú Màmá Kékeré nígbà tí wọ́n sọ ọ́. Bó bá jẹ́ èmi ni, ojú mi náà á rí bẹ́ẹ̀.

Wọ́n pín ilẹ̀ Ìmùṣin, wọ́n pín àga, wọ́n pín abọ́. Fíríìjì bọ́ sọ́dọ̀ wa. Tẹlifíṣọ̀n àti kọ̀ǹpútà bọ́ sọ́dọ̀ Màmá Kékeré, nítorí ibẹ̀ ni ọmọkùnrin wà. Ó wá ku ohun tó wà nínú ẹ̀rọ.

Ìyá mi ló kọ́kọ́ sọ̀rọ̀. "Èyí tí ọkọ mi rà fún ọmọ mi, ọmọ mi ni kó gbà á."

"Bẹ́ẹ̀ ni," ni Màmá Kékeré wí. "Kí tiwa náà sì jẹ́ tiwa." Mi ò rántí pé ohùn àwọn méjèèjì ti ṣọ̀kan rí ṣáájú ọjọ́ yẹn.

Mo ní, "Inú dísìkì kan ṣoṣo ni gbogbo wọn wà, sà."

Ẹ̀gbọ́n bàbá mi yí sí mi. "Ṣé kò ṣe é pín ni?"

Mo lè purọ́. Bí mo bá ní kò ṣe é pín, wọn ì bá gbà, torí pé èmi àti àbúrò mi nìkan la mọ̀ ọ́n nínú ilé yẹn, wọn ì bá sì ní kí a jọ máa lò ó, kí ẹ̀rọ náà dúró síbi tó wà. Mo wo àbúrò mi. Ó ń mi orí sí mi díẹ̀díẹ̀ pé kí n má sọ ọ́. Mo rí i dáadáa. Àmọ́ láti ọjọ́ tí bàbá mi ti kú, bí wọ́n bá ti bi mí ní nǹkan, ohun tó bá jẹ́ òótọ́ ló ń jáde lẹ́nu mi, torí pé irọ́ ń fẹ́ agbára.

Mo ní, "Ó ṣe é pín, sà."

"Ilẹ̀ gan-an a pín in," ni ó wí, ó sì lọ ka ohun tó kù.

Ọjọ́ Ajé ni mo pín in. Àbúrò mi jókòó tì mí bó ṣe máa ń jókòó, kò ka ìwé sí mi létí mọ́. Mo da méje tiwa kọ sínú dísìkì tuntun, mo wá nu méje náà kúrò nínú ti àtijọ́, lọ́kọ̀ọ̀kan. Ìkan ò gbà ju ìṣẹ́jú kan lọ. Nígbà tí mo nu Atukọ̀, ó ní, "Àǹtí, ẹ kì í ṣe èèyàn." Mo ní, "Gbé ọwọ́ rẹ kúrò níbẹ̀." Ojú ewé tó ní orúkọ mẹ́rìnlá ló kù tó yẹ kí n tún kọ, kí ó lè di orúkọ méje. N kò tún un kọ. Ó ti rẹ̀ mí ni mo máa ń sọ fún ara mi, ó sì lè jẹ́ bẹ́ẹ̀ ni.

Lọ́jọ́ Ẹtì, Màmá Kékeré kó àwọn ọmọ rẹ̀ lọ sí ilé bàbá tó bí i l'Áyépé. Ẹ̀rọ wà lórí itan àbúrò mi nínú ọkọ̀. Ìyá mi ní kò sí ohun tí ẹnikẹ́ni nínú ilé òun ń wá l'Áyépé. Ó tún un sọ nígbà tí mo ń wá bàtà mi lọ́jọ́ Àìkú kan, bẹ́ẹ̀ ṣọ́ọ̀ṣì ni mo ń lọ. Mo ní dísìkì, n kò ní ẹ̀rọ tí màá tì í bọ̀. Mo fi í há àárín ìwé, mo ń lọ ata, mo ń fọ aṣọ. Bí wọ́n bá bi mí léèrè nípa àbúrò mi, mo máa ń ní ó wà dáadáa, bíi pé mo mọ̀.

Oṣù méjì kọjá, ìránṣẹ́ ẹ̀gbọ́n bàbá mi dé. Ó ní Màmá Kékeré ti mú ẹjọ́ wá: ohun mẹ́rìnlá ló wà nínú ìwé, àmọ́ méje péré ni òun bá nínú ẹrù. Ìwé wo? Ojú ewé tèmi ni. Wọ́n rí orúkọ mẹ́rìnlá lójú tẹlifíṣọ̀n, wọ́n tẹ̀ ẹ́, méje jáde, méje tó kù kò jáde, ẹ̀rọ ní òun kò rí i. Wọ́n ti gbà pé ìwé tí bàbá mi fi sílẹ̀ nìyẹn láti ka ohun ìní rẹ̀, ẹnì kan sì ti yọ́ ọwọ́ sínú rẹ̀.

Ìyá mi jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀ ní ẹnu ọ̀nà ilé ìdáná. "Èmi! Ọ́n pe èmi lólè! Èmi tí mo fẹ́ ọkùnrin yìí nígbà tí kò ní ju kẹ̀kẹ́ lọ!" Ó ní ọ̀rọ̀ náà ti dé Ìmùṣin, á sì ti dé ọjà báyìí. Ó lé ní ọ̀sẹ̀ kan tí kò lọ ìpàdé ìyá ìjọ. Oúnjẹ kò lọ lọ́fun rẹ̀. Níkẹyìn ó pè mí, ó ní, "Ìwọ lo mọ ohun tí ọ́n ń wí. Lọ síbẹ̀, fi hàn wọ́n. Wọ́n á tọrọ àforíjì lọ́wọ́ mi, bí bẹ́ẹ̀ kọ́, n kò ní lè gbójú sókè ní ìlú yìí mọ́." Mo mú dísìkì tiwa dání, mo wọ ọkọ̀ lọ sí Ayépé.

Ẹ̀gbọ́n bàbá mi ti dé ṣáájú mi. Ó wọ awò ojú rẹ̀, ó jókòó síwájú tẹlifíṣọ̀n bí ẹni tó wà ní kóòtù, Màmá Kékeré dúró sẹ́yìn rẹ̀. Àbúrò mi wà lórí àpótí nídìí ẹ̀rọ. Ó ti ga sí i. Ó kí mi, "Ẹ káàbọ̀, Àǹtí," kò wo ojú mi.

Ẹ̀gbọ́n bàbá mi na ìka sí ojú tẹlifíṣọ̀n. "Ka ohun tí ọ́n kọ síbẹ̀."

Mo kà á, láti orí ọ̀kan dé orí mẹ́rìnlá. Mo ní, "Orúkọ lásán nìyẹn, sà. Èmi ni mo kọ ọ́, kì í ṣe Bàbá. Ó dà bí orúkọ ayálégbé tó ti kó jáde, tí orúkọ rẹ̀ ṣì wà lára ilẹ̀kùn. Méje tí wọn ò rí nìwọ̀nyí lọ́wọ́ mi, ìpín tiwa ni. Ẹ̀yin lẹ pín in."

"Bí ó bá ti kó jáde, kí ló dé tó o kò pa orúkọ rẹ̀ rẹ́?"



"Ó ń fi wá ṣe yẹ̀yẹ́ ni," ni Màmá Kékeré wí. "Kí àwọn ọmọ mi máa rí i, kí ọwọ́ wọn má tó o. Ìdajì tí ó gbà kò tó o."

Mo wo àbúrò mi. Ó mọ̀ ọ́n. Òun ló ka ìlà ọ̀rọ̀ sí mi létí, ojú rẹ̀ ni mo ṣe nu méje náà. Ọ̀rọ̀ kan péré lẹ́nu rẹ̀, ẹjọ́ tán, orúkọ ìyá mi mọ́. Ó ń wo èékánná rẹ̀.

Ẹ̀gbọ́n bàbá mi bọ́ awò ojú. Ó ní òun kò rí olè nínú ọ̀rọ̀ yìí, òun kò sì rí ẹni tí ọwọ́ rẹ̀ mọ́ tán. Kí n pa orúkọ méje rẹ́ kí n tó kúrò níbẹ̀, kí ẹnikẹ́ni má sọ ọ́ mọ́. Kò sí àforíjì nínú rẹ̀. Màmá Kékeré sìn ín lọ sí ìdíkọ̀, ó kó àwọn ọmọ kékeré dání, ó ní àwọn ó ti ibẹ̀ lọ sọ́jà.

Mo fa àga. Mo fi ọwọ́ lé ẹ̀rọ. Àbúrò mi di ọwọ́ mi mú.

"Àǹtí, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má pa á rẹ́."

"Kúrò."

"Mo mọ̀ pé wọn ò sí níbẹ̀. Ọjọ́ tí a dé ibí ni mo ti mọ̀. Èmi ni mo sọ fún Màmá mi pé nǹkan sọnù." Kò tíì fi ọwọ́ mi sílẹ̀. "Mo ní kí wọ́n jẹ́ kí n máa wá sọ́dọ̀ yín, wọn ò gbà. Mo ní kí wọ́n pè yín, wọn ò gbà. Bí nǹkan bá sọnù nìkan ni wọ́n fi máa pè yín."

Ó yẹ kí n gbá a létí. Ìyá mi kò jẹun, wọ́n ń pè é lólè ní ìlú mẹ́ta, torí pé ọmọ ọdún mẹ́tàdínlógún kan fẹ́ rí mi. Mo ní, "Ṣé o mọ ohun tó o pe ìyá mi?" Ó ní òun mọ̀. Ó ní òun ń gbàdúrà lórí rẹ̀ lójoojúmọ́. Inú bí mi. Ó bí mi débi pé ọwọ́ mi ń gbóná, mo sì ń wo ọwọ́ náà pẹ̀lú ìyàlẹ́nu, torí pé láti ọjọ́ Ìṣẹ́gun tí bàbá mi kú, òun ni nǹkan àkọ́kọ́ tó ṣe mí. Lẹ́yìn inú tó bí mi, ohun kejì dé kíákíá: mo ti ń wá a. Mo ti ń wá ọmọ yìí lójoojúmọ́ láìmọ̀.

Mo mú dísìkì wa jáde. Mo da méje tiwa padà sínú tiwọn, lọ́kọ̀ọ̀kan, ó sì ń ka orúkọ wọn bí wọ́n ṣe ń wọlé. Mo mọ ohun tí mò ń ṣe. Ohun tí wọ́n ní ìyá mi jí ni mo ń fi ọwọ́ ara mi kó fún wọn, lẹ́yìn tí kò sí ẹnikẹ́ni níbẹ̀ tó máa jẹ́rìí. Lẹ́yìn náà a tẹ ọ̀kan, a gbá Atukọ̀, a tẹ nọ́ńbà tó tẹ̀ lé e, a ń bá a lọ, a ń bú ara wa, a ń rẹ́rìn-ín, títí ó fi ní ọkọ̀ ìkẹyìn máa tó lọ. Ẹkún bọ́ lójú mi nínú ọkọ̀ náà. Obìnrin tó jókòó tì mí fún mi ní ọsàn.

Ìyá mi ti dúró sẹ́nu ọ̀nà kí n tó dé. Kò tilẹ̀ jẹ́ kí n wọlé.

"Ṣé wọ́n tọrọ àforíjì?"

Mo ní, "Wọ́n tọrọ àforíjì, mà. Wọ́n kúnlẹ̀."

Ó mí kanlẹ̀. Ó wọlé, ó bu oúnjẹ, ó jẹ ẹ́ tán. Lọ́jọ́ Àìkú, ó wé gèlè, ó lọ sí ìpàdé ìyá ìjọ, ó sì sọ ọ́ fún gbogbo wọn. Títí tí ó fi kú ló ń sọ ọ́ fún èèyàn, bí Màmá Kékeré ṣe kúnlẹ̀, èwo nínú eékún rẹ̀ ló kọ́kọ́ kan ilẹ̀. Bó bá dé ibẹ̀, á yíjú sí mi pé kí n jẹ́rìí sí i, èmi náà á sì ní bẹ́ẹ̀ ni.